Nígbà Tí Iyè Àgbà Bá Ń Rá

Kò sí àdúrà tí Yorùbá ń gbà tó àdúrà ogbó. Bí a bá ń sọ ọmọ lórúkọ, bí a bá ń ṣílé, bí a bá ń fa ìyàwó lé ọkọ lọ́wọ́, bí a bá ń sìnkú arúgbó pàápàá, a kì í tú ká láì wí pé kí a gbó, kí a tọ́, kí a fi ọwọ́ pa ewú, kí a fi ọ̀pá tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá tẹ́tí sílẹ̀ dáadáa yóò gbọ́ pé àwọn àgbà kì í fi àdúrà náà mọ síbẹ̀. Wọn a máa fi kún un pé kí Ọlọ́run má jẹ́ kí a fi ogbó wa ṣe yẹ̀yẹ́, kí a má ṣarán, kí ẹnu wa má ṣe máa sọ ohun tí ọkàn wa kò rán an. Ó hàn gbangba nígbà náà pé ohun tí mo fẹ́ bá yín sọ yìí kì í ṣe àjèjì sí àwọn baba wa: wọ́n ti rí i, wọ́n ti bẹ̀rù rẹ̀, wọ́n sì ti fi í sínú àdúrà tipẹ́tipẹ́. Ohun tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni ìmọ̀ nípa ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ nínú agbárí ẹni tí iyè rẹ̀ ń rá, ìmọ̀ yìí ni mo sì fẹ́ kí ó wọ inú ilé wa, nítorí pé àìní rẹ̀ ti mú kí ọ̀pọ̀ ìyá rere kú ikú ẹ̀sín.

Lára ẹ̀gbọ́n ìyá mi ni mo ti rí àrùn náà fínnífínní. Àjíkẹ́ ni oríkì rẹ̀, ọmọ Ọ̀pómúléró ni, aládìrẹ ẹlẹ́kọ sì ni ní Ìbàdàn. Òun ni ó tọ́ mi dàgbà ní àwọn ọdún tí ìyá tí ó bí mi ń ná ọjà Òkè Ọya, nítorí náà Màmá ni èmi àti àwọn ọmọ bíbí inú rẹ̀ jọ ń pè é. Ní ìgbà tí ara ṣì gbé kánkán, a máa tẹ́ aṣọ funfun sílẹ̀, a máa ti ṣóńṣó ìyẹ́ adìyẹ bọ inú ẹ̀kọ láfún, a sì máa fi kọ Ìbàdàndùn sára aṣọ náà, àwòrán olókìkí tí àwọn òpó gbọ̀ngàn Mápó máa ń wà nínú rẹ̀, láì fi nǹkan kan wọ̀n ọ́n, láì wo àwòkọ kankan; bí aṣọ náà bá sì ti inú ìkòkò aró jáde, tí ó gbẹ, tí a fọ ẹ̀kọ kúrò lára rẹ̀, ibi tí ìyẹ́ náà ti rìn yóò yọ kedere láàárín aró tí ó dúdú minimini. Gbogbo oníbàárà rẹ̀ ni ó mọ̀ lórúkọ. Ó mọ orúkọ àwọn ọmọ wọn, ó mọ iye tí olúkúlùkù jẹ ẹ́ àti ọjọ́ tí wọ́n dá, kò sì kọ ọ̀kankan sílẹ̀ nínú rẹ̀ rí, nítorí pé kò mọ̀ọ́kọ.

Àrùn náà kò fi ariwo wọlé tọ̀ ọ́. Owó ni ó kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í rú u lójú. Ó ra iyọ̀ lówùúrọ̀, ó tún rà á lọ́sàn-án, ó tún rà á nírọ̀lẹ́, títí tí a fi bá àpò iyọ̀ rẹpẹtẹ lábẹ́ ibùsùn rẹ̀. Ó bi ọmọ rẹ̀ léèrè ìgbà tí ọmọ náà yóò ti Èkó dé, bẹ́ẹ̀ ọmọ ọ̀hún ni ó jókòó níwájú rẹ̀ tí ó ń bó ọsàn fún un. Lẹ́yìn èyí ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ẹ̀sùn olè kan ìyàwó ilé: owó tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ dì mọ́ ìṣẹ́tí ìró, tí ó sì fi pamọ́ sínú ìkòkò aró tí a kò lò mọ́, ó ní ìyàwó ni ó jí i. Ìyàwó sunkún títí ojú fi wú. Àwọn kan nínú ẹbí ní ìwà tí ìyá ti ń bò mọ́ra láti ọjọ́ pípẹ́ ni ó wá tú síta. Bẹ́ẹ̀ kọ́ rárá. Iyè tí ó gbàgbé ibi tí owó wà kò tíì gbàgbé pé owó wà. Nígbà tí ó sì wá a tì, kí ni ì bá rò bí kò ṣe pé ẹnì kan ni ó mú un? Ẹni tí orí rẹ̀ pé pàápàá, bí ó bá wá nǹkan rẹ̀ tì, ará ilé ni ojú rẹ̀ a kọ́kọ́ lọ bá, ó sì di ìgbà tí ó bá rí i kí ó tó rántí pé òun ni òun fi í síbẹ̀. Màmá kò ní rántí ní tirẹ̀. Ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ nìyẹn, ó sì yẹ kí gbogbo ìyàwó ilé tí irú ẹ̀sùn yìí bá ti bá mọ̀ ọ́n, kí ọkàn wọn lè balẹ̀.

Ọ̀wọ̀ tí a ń bù fún àgbà, tí ó jẹ́ ọ̀kan nínú ohun tí a fi ń yangàn láàárín àwọn ẹ̀yà ayé, wà lára ohun tí ó ń bo àrùn yìí mọ́lẹ̀. Bí ènìyàn bá ti pé ọgọ́rin ọdún nílé wa, ta ni yóò ní kí ó ṣírò owó, kí ó dáná, tàbí kí ó dá nìkan wọ mọ́tò lọ sí Òṣogbo? Ọmọ-ọmọ ni yóò pọn omi, ìyàwó ilé ni yóò gbé oúnjẹ wá, bí àgbà náà bá sì sọ ìtàn kan náà ní ẹ̀ẹ̀mẹta kí ilẹ̀ tó ṣú, ọmọ tí a bá kọ́ nílé kò ní la ẹnu wí pé ẹ ti sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan. Báyìí ni iyè yóò ṣe máa rá lábẹ́ ìtẹríba, tí gbogbo ilé yóò máa wí pé ogbó ni, títí di òru ọjọ́ tí ìyá yóò ṣílẹ̀kùn jáde. Òótọ́ ni pé ogbó a máa mú ìgbàgbé wá. Ẹni tí ó gbàgbé ibi tí ó fi kọ́kọ́rọ́ sí, tí ó wá rántí bí ó bá yá, ogbó ni ó ń ṣe é. Ẹni tí ó mú kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ tí kò mọ ohun tí a ń fi í ṣe mọ́, àìsàn ni ó ń ṣe onítọ̀hún, àìsàn a sì máa wá ìtọ́jú.

Ní ọdún 1901, ní ìlú Frankfurt ní ilẹ̀ Jámánì, wọ́n gbé obìnrin ẹni ọdún 51 kan, Auguste Deter, wá sí ilé ìwòsàn, níbi tí dókítà kan tí ń jẹ́ Alois Alzheimer ti tọ́jú rẹ̀, nítorí pé ó ń gbàgbé, ó ń jowú lórí ọkọ rẹ̀ láìnídìí, kò sì lè dá ilé rẹ̀ ṣe mọ́. Nígbà tí obìnrin náà kú ní 1906, dókítà yìí fi awò asọhun-kékeré-di-ńlá yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, ó sì bá a pé ọpọlọ náà ti sún kì, pé èérí kan ti dì jọ láàárín àwọn sẹ́ẹ̀lì rẹ̀, àti pé àwọn fọ́nrán tín-ín-rín ti lọ́ mọ́ra wọn nínú àwọn sẹ́ẹ̀lì fúnra wọn. Ní oṣù kọkànlá ọdún náà ni ó ròyìn rẹ̀ fún àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Tübingen; ní 1910 ni Emil Kraepelin sì fi orúkọ Alzheimer pe àrùn náà nínú ìwé rẹ̀. Irú èyí ni ó pọ̀ jù nínú àwọn àrùn iyè-ríra tí àwọn dókítà kó pọ̀ sábẹ́ orúkọ kan, dementia: àjọ ìlera àgbáyé ní ó tó 60 sí 70 nínú ọgọ́rùn-ún wọn, wọ́n sì sọ pé àwọn tí àrùn iyè-ríra wà lára wọn káàkiri ayé ju mílíọ̀nù 55 lọ. Èyí tí ó tẹ̀ lé e ni ti ẹ̀jẹ̀ ríru àti rọpárọsẹ̀, tí í dí ọ̀nà ẹ̀jẹ̀ nínú ọpọlọ, tí apá ibi tí ẹ̀jẹ̀ kò dé mọ́ yóò sì kú.

Apá ibi tí ọpọlọ ń gba ohun tuntun sí ni àrùn Alzheimer sábà máa ń kọ́kọ́ bà jẹ́. Ìdí nìyí tí Màmá fi lè ròyìn ọjọ́ tí wọ́n gbé e relé ọkọ, aṣọ tí ó wọ̀ àti ẹni tí ó ru igbá ìyàwó, ṣùgbọ́n tí kò mọ̀ pé òun ṣẹ̀ṣẹ̀ jẹ àmàlà tán. Bí aṣọ aró ni iyè rí nínú ọ̀ràn yìí: ibi tí a ti rẹ lárẹtúnrẹ láti ìgbà èwe kì í tètè ṣí, èyí tí a rẹ lówùúrọ̀ òní ni omi àkọ́kọ́ ń fọ̀ lọ.

Ará Ìbàdàn ní ipa tí ó tóbi nínú ohun tí aráyé mọ̀ nípa àrùn yìí, mo sì fẹ́ kí àwọn ọmọ wa mọ̀ ọ́n, kí wọ́n lè fi í yangàn. Ọ̀jọ̀gbọ́n Benjamin Ọlúwákáyọ̀dé Ọ̀ṣúntókun, ọmọ Òkè-Mẹ̀sí, àgbà nínú àwọn dókítà tí ń tọ́jú ọpọlọ àti iṣan ara, òun àti Hugh Hendrie ti Yunifásítì Indiana ní Amẹ́ríkà, ni wọ́n dá iṣẹ́ ìwádìí sílẹ̀ ní 1992 láti fi àwọn àgbàlagbà Ìdíkàn ní Ìbàdàn wé àwọn àgbàlagbà aláwọ̀ dúdú ní Indianapolis. Ilé dé ilé ni wọ́n ń lọ ní Ìdíkàn. Nígbà tí ó sì jẹ́ pé àwọn ìyá àti bàbá wọ̀nyí kò ní ìwé ọjọ́ ìbí, àwọn ìṣẹ̀lẹ̀ ńlá tí ojú wọn ti rí ni wọ́n fi ṣírò ọjọ́ orí wọn. Nígbà tí púpọ̀ wọn kò sì mọ̀wé, ìbéèrè tí kò ní fi àìmọ̀wé pe ìgbàgbé ni wọ́n wá jókòó ṣe, wọ́n sì ń bi ará ilé náà léèrè ohun tí àgbà yìí lè dá ṣe láàárọ̀ àti lálẹ́. Ọ̀ṣúntókun kú ní 1995, ṣùgbọ́n Ọ̀jọ̀gbọ́n Adéṣọlá Ògúnníyì àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bá iṣẹ́ náà lọ. Ní 2001 ni wọ́n tẹ àbájáde tí ó ya ayé lẹ́nu jáde: nínú ọgọ́rùn-ún àgbàlagbà tí ó ti pé ọdún 65 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, ìwọ̀n 1.35 ni àrùn iyè-ríra ń ṣẹ̀ṣẹ̀ mú lọ́dún kan ní Ìbàdàn, nígbà tí ó jẹ́ 3.24 ní Indianapolis. Afíríkà kan náà ni ó bí wọn, síbẹ̀ àrùn náà ń mú ti ọ̀hún ní ìlọ́po méjì ti ìhín àti jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe fi èyí sùn fọnfọn. Ìgbà tí a kà yìí ni ìgbà tí àwọn ìyá wa ń fi ẹsẹ̀ rìn lọ sọ́jà, tí ẹ̀fọ́ ń pọ̀ lórí àwo, tí ẹ̀jẹ̀ ríru àti àtọ̀gbẹ kò tíì kún ilé bí ó ti kún un lónìí. Ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ tí ìwé ìròyìn ìṣègùn Lancet gbé kalẹ̀ kọ ọ́ ní 2024 pé bí a bá lè bójú tó ohun mẹ́rìnlá kan láti ìgbà èwe dé ìgbà ogbó, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdajì àrùn iyè-ríra ayé tí a lè dènà tàbí kí a sún síwájú. Ẹ̀jẹ̀ ríru, àtọ̀gbẹ, sìgá, ọtí àmujù, etí dídi, ojú tí kò ríran dáadáa àti ìdánìkanwà wà nínú wọn. Etí dídi yẹn ká mi lára púpọ̀, nítorí pé a kò kà á sí nǹkan kan nílé wa. Bí bàbá kò bá gbọ́ràn mọ́, a ó rọra yé bá a sọ̀rọ̀ ni, bàbá yóò sì máa jókòó láàárín èrò bí ẹni tí ó wà nínú aginjù.

Ohun kan tún wà tí mo gbọ́dọ̀ sọ kí n tó kọjá. Kì í ṣe gbogbo àgbà tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bá dàrú ni àrùn tí kò gbóògùn yìí ń ṣe. Bí ó bá jẹ́ láàárín ọjọ́ méjì sí mẹ́ta ni ìyá tí orí rẹ̀ pé bẹ̀rẹ̀ sí í sọ kántankàntan, ó lè jẹ́ ibà, ó lè jẹ́ kòkòrò tí ó wọ ojú ọ̀nà ìtọ̀, ó lè jẹ́ oògùn tí kò bá ara mu, ó sì lè jẹ́ ìṣubú tí ó mú kí ẹ̀jẹ̀ ṣàn sábẹ́ agbárí. Ilé ìwòsàn ni ó kàn lọ́jọ́ náà gan-an, nítorí pé èyí a máa lọ bí a bá tètè tọ́jú rẹ̀. Ìbànújẹ́ tí ó wọ ara àgbà lẹ́yìn ikú ọkọ tàbí ọmọ a sì máa fara jọ ìṣarán gan-an.

Mo wá dé ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti ń dùn mí jù. Àwọn baba wa ní àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí, ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ni ó pa ọmọ jẹ? Mo bọ̀wọ̀ fún òwe, ẹṣin ọ̀rọ̀ ni, ṣùgbọ́n òwe yìí ti di òkúta lọ́wọ́ àwọn tí kò ní àánú. Ẹ wo bí ó ti ń ṣẹlẹ̀. Nírọ̀lẹ́, bí oòrùn bá ń wọ̀, ọkàn ọ̀pọ̀ àwọn tí iyè wọn ń rá kì í balẹ̀. Wọn a fẹ́ jáde, wọn a fẹ́ máa lọ, ilé tiwọn gan-an yóò sì ṣàjèjì lójú wọn. Ìyá bá jáde lóru, ó rìn títí, ó ṣìnà, ìró bọ́ sọnù lára rẹ̀, ilẹ̀ wá mọ́ bá a ní ìdí igi ní àdúgbò tí ẹnikẹ́ni kò ti mọ̀ ọ́n. Ẹnì kan á wá kígbe pé ẹyẹ ni ó já bọ́ lóru tí ó di arúgbó. Èrò á pé jọ. Wọn á bi í léèrè orúkọ, kò mọ̀ ọ́n. Wọn á bi í ní ibi tí ó ti wá, yóò dárúkọ ìlú tí ó ti kúrò ní ọgọ́ta ọdún sẹ́yìn. Wọn á bi í pé ṣé àjẹ́ ni, yóò ní bẹ́ẹ̀ ni. Wọn á ní ó ti jẹ́wọ́! Bẹ́ẹ̀, bí wọ́n bá bi í pé ṣé òun ni ọba Ìlọrin, bẹ́ẹ̀ ni náà ni yóò wí, nítorí pé ìbéèrè kò yé e mọ́, ìbẹ̀rù ti bò ó, bẹ́ẹ̀ ni sì ni ìdáhùn tí obìnrin tí a tọ́ dáadáa máa ń fún ẹni tí ó bá ń bínú sí i. Mo ti rí bàbá arúgbó tí òun náà ṣáko lọ, tí wọ́n fún un lómi, tí wọ́n ní bàbá ti gbó. N kò gbọ́ pé wọ́n ní ẹyẹ ni. Àwọn ìyá, pàápàá opó àti ẹni tí kò bímọ, ni wọ́n ń pè lájẹ̀ẹ́. Kì í ṣe ẹ̀rí ni wọ́n fi ń dá wọn lẹ́bi, àìlólùgbèjà wọn ni. Ohun tí ó ṣe obìnrin Jámánì ní 1901, níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti mọ àjẹ́ ilé tiwa, ni ó ń ṣe tiwa níhìn-ín, ẹni tí ó bá sì fi ẹgba kan ìyá bẹ́ẹ̀ lórúkọ Ọlọ́run nínú ilé àdúrà, aláìsàn ni ó nà.

Bí ẹ bá rí irú ìyá bẹ́ẹ̀ níta, ẹ fi aṣọ bò ó, ẹ fún un lómi, ẹ jókòó tì í, kí ẹ sì ránṣẹ́ sí mọ́ṣáláṣí, sí ṣọ́ọ̀ṣì, sí ilé iṣẹ́ rédíò. Ẹnì kan ń wá a.

Àbúrò mi obìnrin, àbíkẹ́yìn Màmá, ni ó ń tọ́jú rẹ̀, lọ́dọ̀ rẹ̀ sì ni mo ti rí ohun tí ìtọ́jú jẹ́. Màmá a máa dìde nírọ̀lẹ́, a máa di ẹrù aṣọ kékeré kan, a máa ní òun ń lọ sílé. Ilé tí ó fi owó àdìrẹ kọ́ ni ó ti ń sọ ọ́. Àbúrò mi kì í bá a jiyàn pé ilé rẹ̀ nìyí, nítorí pé ilé baba Màmá ni ó wà lọ́kàn rẹ̀, níbi tí ìyá rẹ̀ ti ń retí rẹ̀. Yóò ní, "Ó dáa, Màmá, ẹ jẹ́ kí n sìn yín." Yóò gba ẹrù náà lórí, yóò di Màmá lọ́wọ́ mú, wọn yóò gba ẹnu ọ̀nà iwájú jáde, wọn yóò máa kí àwọn aládùúgbò bí wọ́n ti ń lọ, wọn yóò yí ilé ká, wọn yóò sì gba ẹ̀yìnkùlé wọlé padà. Nígbà tí wọ́n bá wọlé, àbúrò mi yóò kúnlẹ̀, yóò ní, "Ẹ káàbọ̀, Màmá. Ẹ kú ìrìn." Màmá yóò ní, "Hóò, ẹ kú ilé," yóò sì jókòó jẹun alẹ́ rẹ̀ pẹ̀lú ìtẹ́lọ́rùn.

Ìwẹ̀ ni ó le jù. Ẹni tí kò mọ̀ pé ọmọ òun ni ó ń bọ́ aṣọ lára òun, ìjà ni yóò bá a jà, Màmá a sì máa fi èékánná ya ni lára. Lọ́jọ́ kan tí àárẹ̀ mú àbúrò mi, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ki oríkì Ọ̀pómúléró, bí Màmá ti máa ń kì í fún àwa náà nígbà tí ó bá ń wẹ̀ wá ní kékeré. Ọwọ́ tí ó nà sókè rọ̀ wálẹ̀. Kànìnkànìn ń lọ lẹ́yìn rẹ̀, omi ń dà, nígbà tí àbúrò mi sì dánu dúró láti mí, Màmá gba oríkì náà lẹ́nu rẹ̀, ó sì kì í dé òpin láì fo ibì kan, bẹ́ẹ̀ ni kò lè sọ orúkọ ọ̀kan ṣoṣo nínú ọmọ rẹ̀. N kò sọ pé oríkì ń wo àrùn yìí sàn, kò sí ohun tí ó tíì ń wò ó sàn. Ohun tí a gbọ́ kí a tó mọ ọ̀rọ̀ sọ, tí a sì ń gbọ́ ní gbogbo ọjọ́ ayé wa, ni ó pẹ́ kí ó tó kúrò níbi tí ó wọ̀ sí, orin àti àdúrà náà sì rí bẹ́ẹ̀. Ọwọ́ pẹ̀lú ní iyè tirẹ̀. Bí a bá tẹ́ aṣọ funfun níwájú Màmá, tí a fi ìyẹ́ lé e lọ́wọ́, yóò ti í bọ ẹ̀kọ, yóò sì fa òpó Mápó kan, yóò fa ìkejì sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ìlà náà ń gbọ̀n, ṣùgbọ́n òpó ni. Àwọn tí ó ń pe irú ẹni bẹ́ẹ̀ ní ọmọdé ń ṣẹ̀ ẹ́: a kì í fi ohùn tí a fi ń rẹ ọmọ bá a sọ̀rọ̀, a kì í bọ́ aṣọ lára rẹ̀ lójú èrò, a kì í sọ̀rọ̀ rẹ̀ níwájú rẹ̀ bí ẹni tí kò sí níbẹ̀. Àgbà ni. Ẹ máa kúnlẹ̀ kí i.

Ọ̀rọ̀ èdè náà wà lára ìtọ́jú fún àwọn ènìyàn wa tí ó wà ní òkè òkun. Ìyá tí ó ti gbé Lọ́ńdọ̀nù ní ogójì ọdún lè pàdánù Gẹ̀ẹ́sì kí ó tó pàdánù Yorùbá, nítorí pé èyí tí ó kẹ́yìn dé ni ó sábà máa ń kọ́kọ́ lọ. Bí ó bá wá wà nínú ilé ìtọ́jú arúgbó níbi tí kò sí ẹni tí ó gbọ́ "omi ń gbẹ mí", wọn yóò kọ ọ́ sílẹ̀ pé ó ń sọ ìsọkúsọ, òùngbẹ yóò sì máa gbẹ ẹ́. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ wà níbẹ̀, ẹ kọ ọ̀rọ̀ díẹ̀ sílẹ̀ fún àwọn olùtọ́jú náà: omi, ebi, ó ń dùn mí, ilé ìgbọ̀nsẹ̀. Mo sì mọ̀ pé púpọ̀ nínú àwọn ọmọbìnrin wa ni ó ń ṣe iṣẹ́ yìí gan-an ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí wọ́n ń wẹ̀ fún ìyá àwọn ẹlòmíràn tọkàntọkàn, tí ìyá tiwọn sì wà nílé ní ọwọ́ ọmọ ọ̀dọ̀ tí ẹnikẹ́ni kò kọ́ níṣẹ́. Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ wọn, àtijẹ ni ó gbé wọn lọ. Ṣùgbọ́n ìmọ̀ tí wọ́n kọ́ níbẹ̀ yẹ kí ó wálé ṣáájú àpótí aṣọ.

Ìmọ̀ ìtọ́jú kò sì ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ilé wa. Ní 1954, Dókítà Thomas Adéoyè Lámbò, ọmọ Abẹ́òkúta, bẹ̀rẹ̀ ètò kan ní ilé ìwòsàn àwọn aláìsàn ọpọlọ ní Arò, tí ó fi àwọn aláìsàn ọpọlọ wọ̀ sí ilé àwọn ará abúlé tí ó wà nítòsí ilé ìwòsàn náà, kí ẹbí kan sì bá olúkúlùkù wá láti máa ṣe ìtọ́jú rẹ̀, ayé sì wá láti ọ̀nà jíjìn láti wo ohun tí ó ṣe. Ó rí i pé ọwọ́ ẹbí wà nínú ìtọ́jú. Ohun tí ó yẹ kí a fi kún un lónìí ni pé ẹbí kì í ṣe ènìyàn kan. Nínú ilé ọlọ́mọ mẹ́fà, ọmọ kan ni gbogbo ẹrù náà sábà máa ń já lé léjìká, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ má jẹ́ ọkùnrin rí. Àwọn yòókù á máa fi owó ránṣẹ́, wọ́n á máa fi tẹlifóònù pàṣẹ, bí wọ́n bá sì wálé lọ́dún, wọn á ní ìyá ti rù. Àbúrò mi kì í sùn tán lóru. Ẹ̀jẹ̀ tirẹ̀ náà ti ń ru, òwò aṣọ tí ó ń ṣe sì ti fọ́. Bí òkété bá dàgbà, ọmú ọmọ rẹ̀ ni í mu, ṣùgbọ́n òkété kì í mu ọmú ọmọ kan ṣoṣo títí tí ọmọ náà yóò fi gbẹ. Ẹbí nìkan kò sì lè dá a gbé. Ní ọ́sípítù UCH Ìbàdàn, ibùdó ìtọ́jú àgbàlagbà tí wọ́n fi orúkọ Olóyè Tony Anenih sọ ti wà láti 2012. Irú rẹ̀ kò tó nǹkan nínú ìpínlẹ̀ wa gbogbo, àwọn ìjọba wa sì jẹ wá ní gbèsè rẹ̀.

Ọjọ́ a bá kú là á dère, ènìyàn kò sunwọ̀n láàyè. Mo ti jókòó nínú ìpàdé ẹbí níbi tí wọ́n ti pín aṣọ ẹbí, tí wọ́n ti yan olórin, tí wọ́n ti ká owó màlúù jọ ní wákàtí kan péré fún ìsìnkú ìyá tí kò rí ẹni ra ìlédìí àgbà fún un fún odidi ọdún. Ẹni ọmọ sin ni ó bímọ, àwọn àgbà kò purọ́. N kò sì gbà gbọ́ pé ọjọ́ ìsìnkú ni sísin náà ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀. Bí àgbà tí iyè rẹ̀ ń rá bá wà nínú ẹbí yín, ẹni kan wà níbẹ̀ tí ó ń tọ́jú rẹ̀ tí kò sùn lóru àná. Ẹ pè é lónìí, ẹ má ṣe fún un nímọ̀ràn, ẹ bi í léèrè ọjọ́ tí yóò fẹ́ sinmi nínú ọ̀sẹ̀ yìí, kí ẹ sì lọ gba ipò rẹ̀ ní ọjọ́ náà.